Jacob Haugaard: Aláwàdà Tó Wọ Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin Dẹ́nmárkì

Jacob Haugaard jẹ́ òṣèré, aláwàdà àti olórin ọmọ orílẹ̀-èdè Dẹ́nmárkì. Ní ọjọ́ 21, oṣù Kẹsàn-án, ọdún 1994, àwọn olùdìbò ìlú Aarhus àti agbègbè rẹ̀ yàn án sí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin orílẹ̀-èdè náà, èyí tí wọ́n ń pè ní Folketing. Ìbò 23,253 ni ó ní. Kò sí ẹgbẹ́ òṣèlú gidi kankan lẹ́yìn rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni kò sì ṣe bí ẹni pé ó ní ètò ìjọba kan lọ́wọ́. Lára ìlérí tí ó ṣe fún àwọn ènìyàn ni pé afẹ́fẹ́ yóò máa ti ẹ̀yìn fẹ́ fún gbogbo ẹni tó bá ń gun kẹ̀kẹ́, àti pé ẹ̀bùn Kérésìmesì yóò tóbi ju ti àtẹ̀yìnwá lọ.

Ọ̀pọ̀ ènìyàn mọ apá ìtàn yìí nítorí pé ó pani lẹ́rìn-ín. Apá tí kì í sábà jẹ yọ nínú ìtàn náà ni ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn tí ẹ̀rín tán: ọkùnrin kan tó ti ń fi òṣèlú ṣe yẹ̀yẹ́ láti nǹkan bí ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún di aṣòfin lótìítọ́, ó jókòó sí ìjókòó náà fún ọdún mẹ́ta àti ààbọ̀, ó sì níláti dìbò lórí owó ìlú àti òfin ìlú. Ìbéèrè tí ìtàn rẹ̀ gbé kalẹ̀ ni pé, kí ni àwàdà lè ṣe nínú òṣèlú, níbo sì ni agbára rẹ̀ pin sí?

Òṣèré kí ó tó di òṣèlú

Wọ́n bí Haugaard ní ọjọ́ 6, oṣù Keje, ọdún 1952, ní Frederiksberg, ìlú kan tí Copenhagen tó jẹ́ olú ìlú Dẹ́nmárkì yí ká. Ṣùgbọ́n ìhà Jylland, ilẹ̀ gbọọrọ tó so Dẹ́nmárkì mọ́ Jámánì, ni iṣẹ́ rẹ̀ ti fìdí múlẹ̀. Aarhus, tí ó jẹ́ ìlú kejì tó tóbi jù lọ ní Dẹ́nmárkì, wà níbẹ̀.

Ní àwọn ọdún 1980, òun àti aláwàdà kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Finn Nørbygaard di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká. Finn & Jacob ni àwọn ènìyàn ń pè wọ́n. Wọ́n ṣeré lórí ìtàgé àti lórí tẹlifíṣọ̀n, wọ́n sì ṣe ìpolówó ohun mímu ẹlẹ́rìndòdò kan tí ọmọdé àti àgbà mọ̀. Haugaard tún kọrin pẹ̀lú ẹgbẹ́ olórin Sofamania, ó sì kópa nínú fíìmù apanilẹ́rìn-ín Jydekompagniet tó jáde ní ọdún 1988. Orúkọ fíìmù yìí ń tọ́ka sí àwọn ọmọ Jylland, tí àwọn ará olú ìlú máa ń fi ṣe àwàdà bí ará oko.

Ó yẹ kí a kíyè sí irú ẹni tí ó jẹ́ lójú àwọn òǹwòran. Kì í ṣe òṣèré tí ń ṣe bí ọba tàbí bí akọni. Ẹni tó jọ aládùúgbò ni, tó ń sọ̀rọ̀ bí ẹni tí kò mọ nǹkan kan, títí olùgbọ́ yóò fi rí i pé òun gan-an ni ọ̀rọ̀ náà ń bá wí. Ohùn yìí kan náà ni ó gbé wọ inú ìpolongo ìbò. Kò pààrọ̀ aṣọ nígbà tó kúrò lórí ìtàgé lọ sí gbàgede òṣèlú, ìdí sì nìyí tí ó fi ṣòro fún àwọn alátakò láti fi í hàn bí ẹlẹ́tàn. Ẹni tó ti sọ fún gbogbo ayé pé àwàdà ni òun ń ṣe, ta ni yóò tún tú àṣírí rẹ̀?

Ẹgbẹ́ tó fi èébú ṣe orúkọ

Ní ọdún 1979 ni Haugaard dá ohun tí ó pè ní ẹgbẹ́ òṣèlú sílẹ̀. Orúkọ rẹ̀ ní èdè wọn ni Sammenslutningen af Bevidst Arbejdssky Elementer. Bí a bá túmọ̀ rẹ̀, yóò jẹ́ Ìṣọ̀kan Àwọn Èèyàn Tó Mọ̀ọ́mọ̀ Ń Sá fún Iṣẹ́. Ọ̀rọ̀ tó wà nínú orúkọ náà, arbejdssky, jẹ́ ọ̀rọ̀ ẹ̀gàn fún ẹni tí wọ́n kà sí ọ̀lẹ. Haugaard gba èébú náà, ó sì fi ṣe oyè. Ó tún fi ọ̀rọ̀ kan kún un: irú àwọn ọ̀lẹ wọ̀nyí mọ ohun tí wọ́n ń ṣe, wọ́n sì fẹ́ ẹ bẹ́ẹ̀.

Àkókò tí ọ̀rọ̀ yìí jáde ló fún un ní ìtumọ̀. Láti àárín àwọn ọdún 1970 ni àìríṣẹ́ṣe ti di ìṣòro ńlá ní Dẹ́nmárkì, nígbà tó sì máa fi di ọdún 1993, ó ti ju ìdá mẹ́wàá nínú ọgọ́rùn-ún àwọn òṣìṣẹ́ lọ. Ẹgbẹ́ òṣèlú gbogbo ló ń ṣèlérí iṣẹ́. Iṣẹ́ kò sì yé wọ́n. Lójú ẹni tó ti wá iṣẹ́ títí tí kò rí, tí àwọn kan ṣì ń pè ní ọ̀lẹ, aláwàdà tó dìde tó sọ pé bí iṣẹ́ bá dára fún ara tó bẹ́ẹ̀, kí wọ́n kó o fún àwọn aláìsàn kí ara wọn lè yá, kò sọ ọ̀rọ̀ asán. Àwọn Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ọ̀rọ̀ tó bá ju ẹkún lọ, ẹ̀rín là ń fi í rín.

Haugaard kọ́ ni ẹni àkọ́kọ́ tó mú ẹ̀rín wọ òṣèlú Dẹ́nmárkì. Ní ọjọ́ 4, oṣù Kejìlá, ọdún 1973, agbẹjọ́rò kan tó ń jẹ́ Mogens Glistrup kó ẹgbẹ́ rẹ̀ tuntun, Fremskridtspartiet, wọ ilé ìgbìmọ̀ pẹ̀lú ìjókòó 28 lẹ́ẹ̀kan náà. Glistrup ní kí ìjọba fòpin sí owó orí tí ń gba oúnjẹ lẹ́nu àwọn òṣìṣẹ́. Ó tún ní kí wọ́n tú iléeṣẹ́ ológun ká, kí wọ́n fi ẹ̀rọ tẹlifóònù tí ń dáhùn fúnra rẹ̀ rọ́pò rẹ̀, kí ẹ̀rọ náà máa sọ ní èdè Rọ́ṣíà pé, àwa ti túúbá. Ṣùgbọ́n ìyàtọ̀ wà láàárín àwọn méjèèjì. Glistrup ń fi àwàdà ti ètò kan tó gbà gbọ́ lẹ́yìn. Ní ti Haugaard, àwàdà náà gan-an ni ètò rẹ̀, ìlérí òṣèlú fúnra rẹ̀ ni ó sì ń fi ṣe ẹlẹ́yà.

Àwọn ìlérí rẹ̀ àti ohun tí wọ́n túmọ̀ sí

Ẹni tí kò gbé Dẹ́nmárkì rí lè gbọ́ àwọn ìlérí wọ̀nyí kí ó má mọ ibi tí ẹ̀rín wà. Nítorí náà ni ó ṣe yẹ kí a ṣàlàyé díẹ̀ nínú wọn.

Èyí tó gbajúmọ̀ jù ni ti afẹ́fẹ́. Ilẹ̀ Dẹ́nmárkì tẹ́jú pẹrẹsẹ, òkun yí i ká, afẹ́fẹ́ kì í sì í dẹwọ́ níbẹ̀. Kẹ̀kẹ́ ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń gùn lọ sí ibi iṣẹ́ àti ilé ẹ̀kọ́, òjò ìbáà rọ̀, òtútù ìbáà mú. Ìjọba sì la ọ̀nà kẹ̀kẹ́ sí ẹ̀gbẹ́ títì káàkiri. Gbogbo ẹni tó ń gun kẹ̀kẹ́ níbẹ̀ ló mọ ìyà afẹ́fẹ́ tó ń kọjú síni. Ìlérí pé afẹ́fẹ́ yóò máa ti ẹ̀yìn wá fún gbogbo ènìyàn, yálà wọ́n ń lọ tàbí wọ́n ń bọ̀, jẹ́ ìlérí tí gbogbo ìlú fẹ́ tí ẹnikẹ́ni kò sì lè mú ṣẹ. Àbùdá ìlérí ìbò gan-an nìyẹn.

Ìlérí kejì dá lórí wákàtí mẹ́rìnlélógún tó wà nínú ọjọ́ kan. Àwọn ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ ilẹ̀ Europe ti jà fún ọ̀pọ̀ ọdún pé kí òṣìṣẹ́ máa fi wákàtí mẹ́jọ ṣiṣẹ́, kí ó fi mẹ́jọ sinmi, kí ó sì fi mẹ́jọ sùn. Ní Dẹ́nmárkì, ọdún 1919 ni àwọn òṣìṣẹ́ àti àwọn agbanisíṣẹ́ fẹnu kò lórí iṣẹ́ wákàtí mẹ́jọ, inú ìtàn ìjàkadì yìí ni ẹgbẹ́ òṣèlú àwọn òṣìṣẹ́ sì ti rí ọ̀wọ̀ rẹ̀. Haugaard mú ọ̀rọ̀ àpọ́nlé yìí, ó yọ iṣẹ́ kúrò nínú rẹ̀: wákàtí mẹ́jọ fún fàájì, mẹ́jọ fún ìsinmi, mẹ́jọ fún oorun.

Àwọn tó kù tún wà. Ó ní ojú ọjọ́ yóò dára sí i. Ó ní ìlà yóò kúrú sí i nínú àwọn ilé ìtajà ńlá. Ó ní búrẹ́dì yóò wà fún àwọn pẹ́pẹ́yẹ inú ọgbà ìgbafẹ́. Ó ní òun yóò mú kí IKEA, iléeṣẹ́ àwọn ará Swídìn tó ń ta àga àti tábìlì olówó pọ́ọ́kú tí oníbàárà ń tò fúnra rẹ̀, máa ta àga ìgbàanì irú èyí tó wà láàfin ọba. Ó tilẹ̀ ní òun yóò jà fún ẹ̀tọ́ ọkùnrin láti jẹ́ akúra. Ó ní àwọn ọmọ ogun yóò máa rí Nutella, ṣokoléètì tí wọ́n ń fi pa búrẹ́dì, nínú oúnjẹ tí wọ́n ń gbé lọ sí oko ìdánrawò. Ó sì ní òun yóò rí i pé wọ́n kọ́ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ fún ará ìlú sínú ọgbà ìgbafẹ́ kan ní Aarhus.

Ọgbà yìí ní ìtàn tirẹ̀. Láti ìparí àwọn ọdún 1980 ni ìjọba Dẹ́nmárkì ti ń fún ẹgbẹ́ òṣèlú àti olùdíje tó dá dúró ní owó ìrànwọ́, gẹ́gẹ́ bí iye ìbò tí wọ́n ní. Ìdí rẹ̀ ni kí olówó má baà jẹ gàba lórí òṣèlú. Haugaard fi owó tó kàn án ra ọtí bíà àti sọ́séèjì, ó sì fi ṣe àwọn tó dìbò fún un lálejò nínú ọgbà náà. Ẹni tó bá gbọ́ èyí lè tètè rò pé ìbò ni ó ń rà. Ṣùgbọ́n owó tí ìbò ti mú wá ni, gbangba ni ó sì ti ná an. Ohun tó ń fi hàn ni pé ìbò ẹnì kọ̀ọ̀kan ní iye kan lórí tábìlì ìjọba. Àwọn ẹgbẹ́ yòókù ń fi iye yẹn tẹ ìwé ìpolongo. Òun fi dá a padà fún ẹni tó ni ìbò, lórí àwo. Nígbà tí àwùjọ bá sì mutí nínú ọgbà, ilé ìgbọ̀nsẹ̀ kì í ṣe ọ̀rọ̀ àwàdà mọ́.

Bí ẹnì kan ṣoṣo ṣe lè wọlé

Ìjókòó 179 ló wà nínú Folketing. Erékùṣù Faroe ní méjì, Greenland ní méjì, 175 tó kù sì jẹ́ ti Dẹ́nmárkì fúnra rẹ̀. Ní ìgbà ìdìbò 1994, wọ́n pín 135 nínú 175 yìí ní àwọn ẹkùn ìdìbò, wọ́n sì fi 40 sẹ́yìn láti fi tún ìpín náà ṣe, kí ìjókòó ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan lè bá ìbò tí ó ní jákèjádò ìlú mu. Ẹgbẹ́ tí ìbò rẹ̀ bá ti pé ìdá méjì nínú ọgọ́rùn-ún ní ìpín nínú rẹ̀.

Ètò yìí rọrùn fún ẹgbẹ́ kékeré, ṣùgbọ́n ó le fún ẹni tó dá dúró. Òótọ́ ni pé ẹnu ọ̀nà ṣí sílẹ̀: bí olùdíje bá ti rí olùdìbò 150 tó fọwọ́ sí ìwé rẹ̀ ní ẹkùn rẹ̀, orúkọ rẹ̀ yóò wà lórí ìwé ìdìbò. Ẹgbẹ́ tuntun tó bá fẹ́ díje jákèjádò ìlú ní tirẹ̀ gbọ́dọ̀ kó ìfọwọ́sí tó tó ìdá kan nínú 175 gbogbo ìbò tí wọ́n kà gbẹ̀yìn, èyí tó jẹ́ nǹkan bí 19,000 nígbà náà. Ìdí nìyí tí Haugaard, bó tilẹ̀ ní orúkọ ẹgbẹ́, fi ń díje gẹ́gẹ́ bí ẹni tí kò sí nínú ẹgbẹ́ kankan. Ṣùgbọ́n lẹ́yìn ẹnu ọ̀nà, òkè ńlá ń bẹ. Aládàádúró kò ní ìpín nínú ìjókòó 40 tí a fi sẹ́yìn. Ìbò tí ó bá ní ní ẹkùn mìíràn kò lè ràn án lọ́wọ́. Inú ẹkùn kan ṣoṣo ni ó gbọ́dọ̀ ti rí ìbò tó tó ti ìjókòó kan, kí ó sì fi bá àwọn ẹgbẹ́ ńlá dọ́gba.

Bí a bá pín gbogbo ìbò tí wọ́n dì ní 1994, tó ju mílíọ̀nù mẹ́ta lọ, sí ọ̀nà 175, ìjókòó kan yóò gba nǹkan bí ìbò 19,000. Haugaard ní 23,253. Kò sí ẹni tó ṣe é lóore, kò sì sí àṣìṣe nínú ìṣirò. Ó ti díje lọ́pọ̀ ìgbà ṣáájú kí ó tó rí bẹ́ẹ̀, àwọn tó dìbò fún un ní 1994 sì mọ ẹni tó ń jẹ́ dáadáa. Bí eré bí eré, aláwàdà di aṣòfin.

Ọdún mẹ́ta àti ààbọ̀ ní Christiansborg

Christiansborg ni orúkọ ààfin tí Folketing ń jókòó sí ní Copenhagen. Kí aṣòfin tuntun tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ níbẹ̀, ìwé òfin ìpìlẹ̀ ti ọdún 1953 sọ pé ó gbọ́dọ̀ jẹ́jẹ̀ẹ́ pé òun yóò pa òfin náà mọ́. Kò sí ìwé ẹ̀jẹ́ ọ̀tọ̀ fún aláwàdà. Níbi tó ti fọwọ́ síwèé yẹn ni eré ti parí lójú òfin.

Ẹ̀ka 56 nínú ìwé òfin kan náà tún sọ ohun kan tó kan ọ̀rọ̀ rẹ̀ gbọ̀ngbọ̀n: ohun tí aṣòfin bá gbà gbọ́ lọ́kàn ara rẹ̀ nìkan ló dè é, àṣẹ àwọn tó dìbò fún un kò dè é. Àwọn tó kọ òfin yìí kò ro ti afẹ́fẹ́ ọ̀nà kẹ̀kẹ́ nígbà tí wọ́n ń kọ ọ́. Ṣùgbọ́n ó túmọ̀ sí pé ìlérí ìbò, yálà ti ẹlẹ́fẹ̀ tàbí ti ọlọ́gbọ́n, kì í ṣe gbèsè tí ilé ẹjọ́ lè gbà padà lọ́wọ́ ẹni tó ṣe é. Ohun tí Haugaard fi ń ṣe ẹlẹ́yà lóde ni òfin ti gbà tẹ́lẹ̀ nínú ilé.

Ẹni tó dá wà nínú ilé ìgbìmọ̀ bẹ́ẹ̀ kò ní agbára púpọ̀. Àwọn ìgbìmọ̀ abẹ́lé, tí ọmọ ẹgbẹ́ 17 wà nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn nígbà náà, ni wọ́n ti ń yẹ àbá òfin wò fínnífínní, bí ẹgbẹ́ bá sì ṣe pọ̀ tó ni wọ́n ń pín àyè wọn. Ẹnì kan nínú 179 kò lè fi agbára ara rẹ̀ gba àyè níbẹ̀. Ọwọ́ kan kò gbé ẹrù dórí. Síbẹ̀, ojoojúmọ́ ìdìbò ni ó gbọ́dọ̀ pinnu fúnra rẹ̀. Ọmọ ẹgbẹ́ òṣèlú a máa tẹ̀ lé ohun tí ẹgbẹ́ rẹ̀ fẹnu kò sí. Aládàádúró kò ní olórí ẹgbẹ́ tí yóò sọ fún un pé bọ́tìnnì báyìí ni kí ó tẹ̀. Ẹni tó fi orúkọ ọ̀lẹ wọlé ni iṣẹ́ ìpinnu wá wọ̀ lọ́rùn jù.

Ìṣirò ilé ìgbìmọ̀ náà mú kí ọ̀rọ̀ yìí wúwo. Poul Nyrup Rasmussen ni alákòóso àgbà. Lẹ́yìn ìbò 1994, àwọn ẹgbẹ́ mẹ́ta tó ń ṣèjọba, èyí tí Socialdemokratiet jẹ́ olórí wọn, ní ìjókòó 75. Àwọn ẹgbẹ́ méjì mìíràn tó wà lápá òsì, tí kò sí nínú ìjọba ṣùgbọ́n tó lè tì í lẹ́yìn, ní 19. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ 94. Àwọn ẹgbẹ́ apá ọ̀tún ní 80. Haugaard ni ẹni kan tó ṣẹ́kù nínú 175. Ní ìbẹ̀rẹ̀, ó lè dàbí ẹni pé ìbò rẹ̀ kò lè yí ohunkóhun padà. Ṣùgbọ́n ní oṣù Kejìlá ọdún 1996, Centrum-Demokraterne, tí ó ní ìjókòó márùn-ún, kúrò nínú ìjọba nítorí àdéhùn ìṣúná. Bí a bá yọ márùn-ún kúrò nínú 94, ó ku 89. 90 sì ni ẹni tó bá fẹ́ borí nínú ilé ẹlẹ́ni 179 gbọ́dọ̀ ní. Láti ìgbà náà lọ, kò sí ìjókòó kankan nínú ilé náà tí a lè pè ní ìjókòó eré.

Ní ti àwọn ìlérí rẹ̀, díẹ̀ ṣẹ. Nutella wọ inú oúnjẹ àwọn ọmọ ogun. Wọ́n kọ́ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ sí ọgbà ìgbafẹ́ ní Aarhus. Afẹ́fẹ́ ń fẹ́ síbi tó wù ú bí ó ti ń ṣe tẹ́lẹ̀.

Nígbà tí ìdìbò mìíràn dé ní ọjọ́ 11, oṣù Kẹta, ọdún 1998, Haugaard kò díje mọ́. Ó padà sí iṣẹ́ òṣèré àti àwàdà. Ìbò ọdún yẹn gan-an ló fi hàn bí ìjókòó kan ṣe lè ṣe pàtàkì tó: ìhà Nyrup Rasmussen ní 90, ìhà kejì ní 89. Ẹnì kan ṣoṣo ló mú kí ìjọba náà dúró. Bí ẹni tó dá dúró bá tún wọlé nínú ọdún yẹn, ó ṣeé ṣe kí ọ̀rọ̀ ta ni yóò ṣèjọba Dẹ́nmárkì wà lọ́wọ́ rẹ̀.

Àwọn mìíràn tó gba ọ̀nà náà

Lẹ́yìn Haugaard, àwọn aláwàdà mìíràn ti wọ òṣèlú. Ẹni tó jọ ọ́ jù ni Jón Gnarr ti orílẹ̀-èdè Iceland, tí ó wà lábẹ́ ọba Dẹ́nmárkì títí di ọdún 1944. Ní 2009, lẹ́yìn tí àwọn ilé ìfowópamọ́ Iceland ti wó lulẹ̀ ní 2008, Gnarr dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀ tí ó pè ní Ẹgbẹ́ Tó Dára Jù Lọ. Ó ṣèlérí tówẹ̀lì ọ̀fẹ́ ní gbogbo odò ìwẹ̀ àti béárì funfun fún ọgbà ẹranko. Ẹgbẹ́ rẹ̀ gba ìjókòó mẹ́fà nínú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ní ìgbìmọ̀ ìlú Reykjavík, òun sì di olórí ìlú náà. Ó lo sáà kan títí di 2014, kò sì díje fún ìkejì.

Ní Ukraine, Volodymyr Zelenskyy ṣe bí ààrẹ nínú eré tẹlifíṣọ̀n kan kí àwọn ènìyàn tó yàn án sípò ààrẹ gidi ní ọdún 2019. Ní ọdún 2022, ogun dé bá a lórí ipò. Ìyàtọ̀ tó wà láàárín àwọn wọ̀nyí àti Haugaard ni pé àwọn kó ènìyàn lẹ́yìn wọlé, wọ́n sì ní àṣẹ láti fi ṣèjọba. Òun nìkan ló wọlé, ẹyọ ìbò kan ṣoṣo sì ni agbára rẹ̀. Ṣùgbọ́n ohun kan náà ló bá gbogbo wọn: ọjọ́ tí wọ́n wọlé, ẹ̀rín kò lè bá wọn dá ìpinnu kankan ṣe.

Ohun tí ìtàn rẹ̀ fi hàn

Èdè Yorùbá ní orúkọ lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ fún irú ẹ̀rín tí ènìyàn ń pa. Àwàdà ni a ń ṣe kí ara lè yá. Yẹ̀yẹ́ ni a ń fi ẹnì kan ṣe kí ojú lè tì í. Ẹ̀fẹ̀, bí àwọn ẹlẹ́fẹ̀ inú Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ti ń lò ó, a máa bá àwùjọ wí lójú gbogbo ènìyàn, àwùjọ yóò sì gbà á nítorí pé orin àti ẹ̀rín ló gbé e wá. Mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló wà nínú iṣẹ́ Haugaard, ṣùgbọ́n ìkẹta ló sọ ọ́ di aṣòfin. Àwọn olùdìbò 23,253 kò rò pé afẹ́fẹ́ yóò yípadà. Wọ́n gbọ́ ọ̀rọ̀ tó wà lábẹ́ ọ̀rọ̀, pé bí ìlérí iṣẹ́ fún gbogbo ènìyàn bá jẹ́ ọ̀rọ̀ ọlọ́gbọ́n, ìlérí afẹ́fẹ́ kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ sí i.

Àwọn kan lè sọ pé ìbò ṣòfò. Èrò yẹn ní ìdí tirẹ̀: ìjókòó tí aláwàdà gbà ní Aarhus kò sí fún ẹni mìíràn tó lè ti ìbẹ̀rẹ̀ múra sílẹ̀ fún iṣẹ́ aṣòfin. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a tún wo àwọn ìlérí tó ṣẹ. Ilé ìgbọ̀nsẹ̀ àti oúnjẹ ọmọ ogun jẹ́ nǹkan kékeré, ẹni kan lè béèrè fún wọn, ìjọba sì ní owó àti àṣẹ láti ṣe é. Èyí tí kò ṣẹ ni èyí tí kò sí lọ́wọ́ ènìyàn rárá. Haugaard to méjèèjì pọ̀ sójú kan, láìsí ìyàtọ̀, ó sì fi olùdìbò sílẹ̀ láti fúnra rẹ̀ mọ èyí tó lè ṣeé ṣe àti èyí tí kò lè ṣeé ṣe. Òṣèlú tó múra sí iṣẹ́ rẹ̀ a máa to wọn pọ̀ bákan náà. Ṣùgbọ́n kì í fẹ́ kí olùdìbò ya wọ́n sọ́tọ̀.

Ibi tí agbára àwàdà pin sí náà hàn kedere. Ó lè ṣí ojú ìlú sí ohun tó ti mọ́ ọn lára, ó sì lè gbé ènìyàn dé inú ilé ìgbìmọ̀. Ṣùgbọ́n kò lè bá a jókòó níbẹ̀. Nígbà tí àkókò ìdìbò bá tó, bọ́tìnnì mẹ́ta ló wà níwájú aṣòfin Dẹ́nmárkì: ọ̀kan fún bẹ́ẹ̀ ni, ọ̀kan fún bẹ́ẹ̀ kọ́, ọ̀kan fún ẹni tí kò yan èyíkéyìí nínú méjèèjì. Kò sí ìkẹrin fún ẹ̀rín. Haugaard tẹ àwọn bọ́tìnnì wọ̀nyí láti 1994 títí di 1998, lẹ́yìn náà ló dìde, tó padà síbi tí wọ́n ti ń pàtẹ́wọ́ fún un.